Ìgbálẹ̀ Tí O Fi Gbá Yàrá Ẹ̀yìn

Wọlé, wọlé, má dúró sẹ́nu ọ̀nà bí àlejò. Fa àpótí ìjókòó yẹn sún mọ́ mi. Omi tútù wà nínú àmù, bù ú mu. Tí o bá mu ún tán, ọ̀rọ̀ kan wà tí mo fẹ́ bá ọ sọ, mi ò sì ní fi ìkánjú sọ ọ́, nítorí láti oṣù Kejìlá ló ti wà níkùn mi.

Ṣé o rántí ọjọ́ tí o gbá yàrá ẹ̀yìn fún mi? Inú mi dùn lọ́jọ́ náà. Mo ti ọjà dé, mo rí ilẹ̀ tó ń dán, mo súre fún ọ pé wàá rí ọmọ tí yóò gbálẹ̀ fún ìwọ náà. Alẹ́ ló lẹ́ tí mo wá páànù mi tì. Mo wo ẹ̀yìn ilẹ̀kùn, mo wo abẹ́ ibùsùn, mo wo inú agbọ̀n. Mo ní, ọmọ mi, páànù tó wà lẹ́yìn ilẹ̀kùn ńkọ́? O ní, "Àǹtí, ṣé èyí tó ti dógùn-ún, tó ti lu káàkiri yẹn? Mo ti dà á nù." Ìdì ìyẹ́ adìẹ ńkọ́? O ní o rò pé ẹnìkan tu adìẹ síbẹ̀ ni, tí kò rí i gbá. Igbá tí ẹ̀kọ gbẹ mọ́ lára ńkọ́? O ní o fọ̀ ọ́ títí, kò mọ́, ló bá bá àwọn tó kù lọ sí ààtàn.

Mi ò bú ọ lọ́jọ́ náà. O ti ṣiṣẹ́, òógùn ń bọ́ lójú rẹ, ọmọ tó ń ṣiṣẹ́ ilé láìjẹ́ pé a rán an kì í ṣe ẹni tí à ń bú. Mo kàn lọ jókòó sí ẹ̀yìnkùlé ni. Ṣùgbọ́n níjẹta o pè mí lórí fóònù, o ń sunkún. O ní àwọn olùkọ́ yín ní kí ẹ ṣe iṣẹ́ ọnà kan kí sáà tó parí, pé kánfáàsì ti wọ́n, ọ̀dà ti wọ́n, bùrọ́ọ̀ṣì tó dáa kò ṣeé fọwọ́ kàn lọ́jà mọ́, pé tí n kò bá fowó ránṣẹ́, o ò ní nǹkan kan tí o lè fi ṣiṣẹ́. Nǹkan kan! Ọ̀rọ̀ yẹn ni kò jẹ́ kí n sùn.

N óò fún ọ lówó. Má wò mí bẹ́ẹ̀ yẹn, owó kọ́ ló ń dùn mí. Ṣùgbọ́n wàá kọ́kọ́ gbọ́ ohun tí o dà nù.

Páànù yẹn, ihò ara rẹ̀ kì í ṣe ihò ìpẹtà. Ọwọ́ ènìyàn ló gé e. Ká ní o gbé e sókè sí ìmọ́lẹ̀ kí o tó sọ ọ́ nù ni, wàá rí ẹyẹ méjì tó kọjú síra wọn, tí ewé yí wọn ká. Ní Abẹ́òkúta wa níbí, ọkùnrin ló máa ń gé páànù adìrẹ, obìnrin ló máa ń fi í ṣiṣẹ́. Àwọn tó bẹ̀rẹ̀ rẹ̀ kò lọ ra páànù tuntun ní ṣọ́ọ̀bù. Àpótí tíì tó ń ti òkè òkun wá nígbà náà máa ń ní páànù fẹ́lẹ́fẹ́lẹ́ nínú, kí ọ̀rinrin má baà ba tíì jẹ́. Tí wọ́n bá ta tíì tán, páànù á kù, àwọn ẹlòmíì á sì jù ú síta. Ẹnìkan ló wò ó, tó fọwọ́ tẹ̀ ẹ́, tó rí i pé ó rọ̀ tó fún ọ̀bẹ láti gé, ó sì le tó kí ó má ká nígbà tí èèyàn bá fi ẹ̀kọ pa á lórí. Ẹni tó kọ́kọ́ fọwọ́ tẹ páànù yẹn ni mo fẹ́ kí o jọ.

Ẹ̀kọ tó gbẹ mọ́ igbá yẹn náà, kì í ṣe ẹ̀kọ tí à ń fi jẹ àkàrà. Láfún ni. A ó jọ̀ ọ́ kúnná, a ó rò ó lórí iná kó ṣàn, a ó fi álọ́ọ̀mù díẹ̀ sí i àti òkúta aláwọ̀ búlúù tí àwọn oníkẹ́míkà ń tà, kó lè di aṣọ mú, kó má baà yòrò nínú aró. Lẹ́yìn náà ni a ó fi aṣọ sẹ́ ẹ. Ìwọ gbé páànù lé aṣọ funfun, fa ẹ̀kọ kọjá lórí rẹ̀, gbé páànù kúrò, ẹyẹ méjì yẹn á ti jókòó sórí aṣọ. Sá a sóòrùn. Ibi tí ẹ̀kọ bá wà, aró kò ní ráàyè wọ ibẹ̀. Nígbà tó bá gba aró tán, tó gbẹ, a ó họ ẹ̀kọ náà dànù, ẹyẹ á sì yọ ní funfun tàbí ní búlúù fẹ́ẹ́rẹ́, gbogbo ìyókù á dúdú. Ojú kan ṣoṣo ló máa ń ní ẹ̀kọ. Yí aṣọ náà padà, ẹ̀yìn rẹ̀ á dúdú látòkè délẹ̀. Bí o bá fẹ́ mọ adìrẹ ẹlẹ́kọ tòótọ́ ní ọjà Ìtokú lónìí, láàárín àwọn èyí tí ẹ̀rọ tẹ̀ tí wọ́n kó wọlé, ẹ̀yìn aṣọ ni kí o kọ́kọ́ yí wò.

Mo gbọ́ tí àwọn kan ń sọ pé gbogbo ohun tó wà nínú adìrẹ ẹlẹ́kọ ni a jogún bá láti ọjọ́ aláyé ti dáyé. Kò rí bẹ́ẹ̀, kò sì dín ẹwà rẹ̀ kù. Ẹ̀gẹ́ tí a fi ṣe láfún, láti Gúúsù Amẹ́ríkà ni àwọn Potogí ti gbé e dé etíkun wa. Aṣọ funfun tí àwọn ìyá wa ń yà sí, láti àwọn ilé ìhunṣọ ìlú Manchester ló ti ń wá nígbà náà. Páànù, inú àpótí tíì. Ìyẹ́ ni adìẹ ẹ̀yìnkùlé fi sílẹ̀. Obìnrin kan jókòó sábẹ́ ìbòòrùn, gbogbo wọn pàdé lórí itan rẹ̀, wọ́n sì di ohun tí kò sí níbì kankan rí. Tí o bá bi mí pé kí ló jẹ́ tiwa nínú rẹ̀, n óò nawọ́ sí ọwọ́ obìnrin yẹn.

Ọ̀rọ̀ ìyẹ́ ló tilẹ̀ dùn mí jù. Kì í ṣe adìẹ ni wọ́n tu síbẹ̀. Ṣíṣà ni mo ṣà wọ́n, ìyẹ́ apá, èyí tí igi àárín rẹ̀ le, tó sì tọ́. Ní Abẹ́òkúta à ń lo páànù, ṣùgbọ́n àwọn obìnrin Ìbàdàn àti Òṣogbo, ọwọ́ lásán ni wọ́n fi ń yà á, ìyẹ́ adìẹ ni kálàmù wọn. Wọ́n tún ń lo igi àárín ewé ọ̀pẹ. Òòyà tí a fi ń ya irun náà, wọ́n á fà á kọjá nínú ẹ̀kọ tútù kó lè ya ìlà lọ gbọọrọ. Ọ̀pá aṣọ márùn-ún ni wọ́n máa ń pín sí méjì, wọ́n á ya méjèèjì, wọ́n á wá rán wọn pọ̀ di ìró kan. Kò sí ìparẹ́ nínú iṣẹ́ yẹn. Bí ìyẹ́ bá ti yà á, ó yà á nìyẹn.

O mọ aṣọ tí wọ́n ń pè ní Ìbàdàn Dùn? Ó wà nínú àpótí mi, n óò yọ ọ́ fún ọ kí o tó lọ. Nígbà tí wọ́n ṣí Gbọ̀ngàn Màpó ní 1929, ó wà lórí òkè, òpó ràgàjì ràgàjì níwájú rẹ̀, gbogbo ìlú ń rí i. Àwọn obìnrin aláró wò ó, wọ́n sì ya àwọn òpó náà sórí aṣọ. Ṣùgbọ́n wo ohun tí wọ́n fi sí àárín òpó kan sí òpó kejì: ṣíbí. Ṣíbí ìdáná! Wọ́n gbé ohun tí ọwọ́ wọn ń dì mú láràárọ̀ dúró lẹ́gbẹ̀ẹ́ òpó ilé ìjọba, wọ́n ṣe é ní gíga kan náà. Kò sí ẹni tó fún wọn láṣẹ. Láti ìgbà tí mo ti ní làákàyè ni mo ti ń wo aṣọ yẹn, mi ò tíì wò ó tán. Ìwọ náà, ní gbogbo ọdún tí o ti ń jẹun nílé mi, ǹjẹ́ o ti wo ṣíbí rí?

Dúró, má bínú. Mo mọ̀ pé o ń gbìyànjú. Jẹ́ kí n sọ ti èmi náà fún ọ.

Mo tó bí ọmọ ọdún mẹ́sàn-án. Ìyá ìyá mi ní ìkòkò aró mẹ́fà lẹ́yìn ilé. Lọ́jọ́ kan wọ́n lọ ọjà, ìkòkò kan ń rùn, ìfófòó aláwọ̀ búlúù bò ó lójú, mo rò pé omi náà ti bàjẹ́. Mo fẹ́ ṣe ohun tí yóò mú inú wọn dùn. Mo yí ìkòkò náà dà sí gọ́tà, mo fọ inú rẹ̀ mọ́ tónítóní. Ṣé o ń gbọ́ mi? Òórùn yẹn gan-an ni iṣẹ́ náà. Iṣẹ́ ọ̀sẹ̀ kan gbáko ni mo dà sí gọ́tà. Ìyá àgbà dé, wọ́n wo gọ́tà, wọ́n wò mí. Wọn ò nà mí. Wọ́n ní, "Ó dáa. Láti òní lọ, ìwọ ni yóò máa kó eérú."

Eérú ni mo kó fún oṣù púpọ̀. Mo kọ́ pé eérú kò dọ́gba, pé ohun tí igi kan fi sílẹ̀ lẹ́yìn iná yàtọ̀ sí ti òmíràn. Ìkòkò méjì ni ó máa ń gun ara wọn, ti òkè lu nídìí. A ó di eérú sínú ti òkè, a ó da omi lé e, omi á máa kán tótótó sínú ti ìsàlẹ̀. Ìyá àgbà á fi ìka kàn án, wọ́n á tọ́ ọ wò lẹ́nu ahọ́n, wọ́n á ní kò tíì le tó, dà á padà. Ẹ̀lú náà, ewé ọ̀dọ́ rẹ̀ ni à ń já, a ó gún un nínú odó, a ó ṣù ú, a ó sá a sóòrùn títí yóò fi gbẹ. Ṣíṣù ẹ̀lú yẹn ni a ó kó sínú omi eérú, a ó dé e, a ó fi sílẹ̀ kó rà. Ìgbà tó bá rà ni yóò rùn, ìgbà tó bá rùn ni yóò di aró. Tí o bá ti aṣọ bọ̀ ọ́, tí o fà á jáde, kò ní kọ́kọ́ dúdú. Bí ewé ni yóò rí lójú rẹ. Ìwọ dúró, gbé e sí atẹ́gùn. Atẹ́gùn ni yóò sọ ọ́ di búlúù lójú rẹ báyìí. Títì bọ̀ lọ, fífà jáde bọ̀, títí yóò fi dúdú bí òru. Kò sí ọjọ́ tí mo rí i tí ara mi kì í bù máṣọ.

Àwọn aláró máa ń bọ Ìyá Màpó kí wọ́n tó ṣí ìkòkò, òrìṣà iṣẹ́ ọwọ́ obìnrin. Má ṣe ojú bí ọmọ ìjọ sí mi. Èmi náà ń lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì. Ohun tí mo ń sọ ni pé wọ́n mọ̀ pé ohun tó wà nínú ìkòkò yẹn lẹ́mìí, ó ń jẹun, ó ń mí, ó lè kú. Nígbà tí sódà àti aró òyìnbó dé, iṣẹ́ ọ̀sẹ̀ di iṣẹ́ wákàtí. Ṣùgbọ́n ọwọ́ tó bá ṣi sódà wọ̀n, aṣọ rẹ̀ á gbó kíá. Ọ̀rọ̀ náà le débi pé ní àwọn ọdún 1930, Aláké àti ìgbìmọ̀ rẹ̀ fòfin de sódà níbí, àwọn aláró kò sì gbà; wọ́n kọ̀wé, wọ́n gbé ẹjọ́ náà lọ síwájú ìjọba. Ìyá àgbà fúnra wọn lo sódà nígbà tó yá. Mi ò dá wọn lẹ́bi, ọmọ méje ni wọ́n ń bọ́. Ṣùgbọ́n wọ́n ti fi ahọ́n tọ́ omi eérú wò fún ogún ọdún kí wọ́n tó fọwọ́ kan sódà, nítorí náà wọ́n mọ ibi tí ó yẹ kí wọ́n dá a dúró.

Ìgbálẹ̀ tí o fi gbá gbogbo rẹ̀ dà nù ńkọ́? Lọ mú un wá. Ó wà lẹ́yìn àmù. Ẹ̀n-ẹ́n, mú un dání, wò ó. Igi àárín ewé ọ̀pẹ ni, a yọ ewé kúrò lára rẹ̀, a dì í ní ìdí. Ọkùnrin kan wà ní Salvador, ní Bahia, ní ilẹ̀ Brazil, Mestre Didi ni wọ́n ń pè é. Wọ́n bí i ní 1917, ó kú ní 2013. Ìyá rẹ̀ jẹ́ ìyálóòṣà ní Ilé Àṣẹ Òpó Àfọ̀njá, ìran Àṣípa láti Kétu sì ni ìdílé wọn. Nígbà tó wá sí Kétu, oríkì tí àwọn ìyá rẹ̀ kọ́ ọ ni wọ́n fi dá a mọ̀. Àtìgbà ọmọdé ló ti ń ṣe ṣàṣàrà Ọbalúayé àti ìbírí Nàná fún ilé òrìṣà. O mọ ṣàṣàrà? Ìdì igi àárín ewé ọ̀pẹ ni, bí èyí tó wà lọ́wọ́ rẹ yìí, tí a fi awọ dì, tí a fi owó ẹyọ sí lára. Láti inú ìdì yẹn ló ti bẹ̀rẹ̀ sí í mú un ga, ó tẹ̀ ẹ́ lọ, ó tẹ̀ ẹ́ bọ̀, ó sọ ọ́ di ejò, ó sọ ọ́ di ẹyẹ, ó fi awọ aláwọ̀ mèremère wé e, ó fi ìlẹ̀kẹ̀ sí i, títí ó fi ga ju ènìyàn lọ tó sì dúró nínú àwọn ilé àfihàn ńlá. Igi ìgbálẹ̀! Kì í ṣe pé ó rí ìgbálẹ̀ lọ́jọ́ kan tó ní òun fẹ́ fi dárà. Ó ti fi ọwọ́ ọmọdé dì í, kí ó tó fi ọwọ́ àgbà nà án sókè.

Fi í sílẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ, má dá a padà.

Kò jìnnà síbí, ní Àjàṣẹ́ tí wọ́n ń pè ní Porto-Novo, oníṣẹ́ ọnà kan wà níbẹ̀, Romuald Hazoumè, ọmọ Yorùbá ni òun náà. Kẹ́ẹ̀gì ló ń lò. Kì í ṣe kẹ́ẹ̀gì tuntun, kẹ́ẹ̀gì tí àwọn ọ̀dọ́ fi ń gbé bẹntiróòlù láti Nàìjíríà wọ Bẹ̀nẹ̀ lórí alùpùpù. Wọ́n máa ń fi iná yá kẹ́ẹ̀gì náà kó lè wú, kó gba epo ju bó ṣe yẹ lọ. Á gbé e lónìí, á gbé e lọ́la, títí ara rẹ̀ á fi rọ, wọ́n á sì jù ú nù. Hazoumè gbé e yí padà, ẹnu kẹ́ẹ̀gì di ẹnu ènìyàn, ìdìmú rẹ̀ di imú, ojú kan sì ń wò ọ́. Ó kó 304 irú ojú bẹ́ẹ̀ jọ, ó tò wọ́n sílẹ̀ bí wọ́n ṣe to ẹrú sínú ọkọ̀ ojú omi nínú àwòrán ọkọ̀ ẹrú Brookes tí gbogbo ayé mọ̀, ó sì pe iṣẹ́ náà ní La Bouche du Roi. Ní 2007, nígbà tó pé igba ọdún tí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì fòfin de òwò ẹrú, ó wà ní British Museum ní Lọ́ńdọ̀nù. Wò ó dáadáa kí o rí ìdí tí kò fi lè jẹ́ ohun mìíràn bí kò ṣe kẹ́ẹ̀gì. Kẹ́ẹ̀gì fúnra rẹ̀ ni a di ẹrù lé lórí kọjá agbára rẹ̀, a sì jù ú nù nígbà tó rẹ̀ ẹ́. Ká ní igi ló fi gbẹ́ ojú 304 yẹn, á dára, ṣùgbọ́n kò ní sọ ohun tó sọ yìí.

Àwọn oníṣẹ́ ọnà Òṣogbo náà ńkọ́, tí a ń gbọ́ orúkọ wọn láti àwọn ọdún 1960? Adébísí Àkànjí, bíríkìlà ni, sìmẹ́ǹtì ló mọ̀, sìmẹ́ǹtì ni òun àti Susanne Wenger, Àdùnní Olórìṣà, fi mọ àwọn ère inú igbó Ọ̀ṣun tí àjọ UNESCO kà mọ́ ohun àjogúnbá ayé ní 2005. Àṣírù Ọlátúndé, alágbẹ̀dẹ, òòlù ló fi ń lu ìtàn sára bàbà àti páànù. Jímọ̀ Bùráímọ̀ ló ń tan iná fún ẹgbẹ́ eré Dúró Ládípọ̀ kó tó máa to ìlẹ̀kẹ̀ sórí pátákó bí ẹni ń fi ọ̀dà yàwòrán, ìlẹ̀kẹ̀ tí ojú wa ti mọ̀ lára adé ọba. Kò sí ọ̀kan nínú wọn tó fi iṣẹ́ ọwọ́ rẹ̀ àtẹ̀yìnwá sílẹ̀ lẹ́nu ọ̀nà.

Ọ̀rọ̀ tó kàn kò ní dùn mọ́ ọ, ṣùgbọ́n èmi ni mo gbọ́dọ̀ sọ ọ́ fún ọ. Iṣẹ́ tí o ṣe lọ́dún tó kọjá, tí o lẹ ìdérí ìgò mọ́ pátákó, tí o sì ya fọ́tò rẹ̀ ránṣẹ́ sí mi. Mo ní ó dára. Mo purọ́ fún ọ, jọ̀ọ́ má bínú. Kò dára. O ti rí iṣẹ́ El Anatsui, ọmọ Gánà tó fi Nsukka ṣe ilé, o rí i pé ìdérí ìgò ló lò, pé wọ́n fún un ní ẹ̀bùn Golden Lion ní Venice ní 2015, ìwọ náà wá lọ ṣa ìdérí. Àmọ́ ọkùnrin yẹn kò lẹ nǹkan kan mọ́ pátákó. Ìdérí ìgò ọtí ló mú, ọtí tó jẹ́ pé òun ni wọ́n fi ń ṣòwò nígbà tí wọ́n ń kó ènìyàn lọ sí òkè òkun. Ó pa á pẹlẹbẹ, ó ká a, ó lù ú níhò, ó fi wáyà bàbà so ọ̀kan mọ́ èkejì, ẹgbẹẹgbẹ̀rún, títí irin fi rọ̀ bí aṣọ tó sì lè wọ́ sílẹ̀ lára ògiri. Ọ̀pọ̀ ọdún ló ti fi gbẹ́ igi, tó fi mọ amọ̀, kó tó kan ìdérí. Ìwọ, o ò mutí, a ò tà á nílé yìí, ìdérí ìgò kò bá ọ sọ nǹkan kan rí. Ohun tó bá a sọ ni o lọ gbọ́ lẹ́yìn ilẹ̀kùn. Ìdí nìyẹn tí pátákó náà fi dákẹ́.

Nu ojú rẹ. Wá, gbé orí lé itan mi. Mi ò sọ ọ́ kí o lè sunkún. Tí n kò bá fẹ́ràn rẹ, n óò kàn fi owó kánfáàsì ránṣẹ́ ni, n óò sì gbádùn oorun mi.

Láti ìgbà tí o ti tó ọmọ ọdún mẹ́fà ni o ti ń jókòó sábẹ́ ẹ̀rọ ìránṣọ ìyá rẹ. Àjákù aṣọ tó bá bọ́ sílẹ̀, ìwọ ló ń ṣà á. Mo máa ń wá sí ṣọ́ọ̀bù rẹ̀, a ó di ojú rẹ, a ó fi aṣọ lé ọ lọ́wọ́, ìwọ á ní, "Léèsì ni," "Gínì ni, wọn ò tíì lù ú," "Àǹkárá ni, ó ti wọ omi lẹ́ẹ̀mejì." O kì í ṣì í. Àwọn oníbàárà máa ń fún ọ lówó bisikíìtì nítorí rẹ̀. Ta ló kọ́ ọ? Kò sẹ́ni tó kọ́ ọ. Ìka rẹ ló kọ́ ara rẹ̀.

O sì mọ ohun tí aṣọ lè ṣe. Ilé bàbá rẹ ló ni eégún yẹn, o ti rí i látọmọdé kí o tó di ẹni tó ń sá lọ sí ọ̀nà mìíràn lọ́jọ́ ọdún. Báwo ni wọ́n ṣe ń dá ẹ̀kú? Wọn kì í bọ́ aṣọ àtijọ́ kúrò. Èyí tí ẹbí bá mú wá lọ́dún yìí, orí ti èṣí ni wọ́n ń rán an lé, àrán lórí òfì, òfì lórí kíjìpá, dígí wẹ́wẹ́, bọ́tìnnì, owó ẹyọ. Tí eégún bá yí, gbogbo wọn á ṣí lẹ́ẹ̀kan náà, àwọn tó ti kú á fẹ́ atẹ́gùn sí ọ lójú. Kò sí kánfáàsì kan tó lè ṣe ìyẹn.

Mo rí páànù yẹn gbà padà, mo fẹ́ kí o mọ̀ kí ọkàn rẹ balẹ̀. Ọmọ aládùúgbò ti fi í dé ilé adìẹ rẹ̀. Mo fi bisikíìtì rà á padà lọ́wọ́ rẹ̀. Ẹyẹ kan ti tẹ̀ ní ọrùn, èkejì wà bó ṣe wà. N óò kọ́ ọ bí a ṣe ń nà án, àmọ́ kì í ṣe lónìí.

Lónìí, lọ wo ẹ̀yìn ilẹ̀kùn yàrá ẹ̀yìn. Àpò ìrẹsì ni o máa rí níbẹ̀. Lánàá ni mo lọ gbà á lọ́wọ́ ìyá rẹ, abẹ́ ẹ̀rọ rẹ̀ ló wà, ó ní òun ti fẹ́ sun ún. Ogún ọdún àjákù aṣọ. Gbogbo ìsọmọlórúkọ tí wọ́n ṣe ní àdúgbò yẹn, gbogbo ìgbéyàwó, gbogbo òkú àgbà, aṣọ ẹbí wọn wà nínú rẹ̀, kékeré kékeré. Aṣọ ìsìnkú bàbá rẹ wà níbẹ̀.

Gbé e wá síbí. Rọra, ó wúwo. Jókòó sílẹ̀, kì í ṣe sórí àpótí, sílẹ̀ bí o ṣe máa ń jókòó. Tú ẹnu rẹ̀. Di ojú rẹ. Ki ọwọ́ bọ̀ ọ́, mú ọ̀kan jáde, má ṣà á.

Ó dáa. Kí lèyí?